Aṣọ Mi Yóò Jáde Lórí Tẹlifíṣọ̀n

Kí oòrùn tó yọ tán lọ́jọ́ Sátidé yẹn, kò sí ẹni tó kù nínú ilé Alájà Ròkíátù ní Ìfọ̀ tí kò tíì gbọ́ pé aṣọ Ìbíwùnmí yóò jáde lórí tẹlifíṣọ̀n láago méje ààbọ̀ ìrọ̀lẹ́. Ẹni tó ń lọ pọn omi gbọ́. Ẹni tó ń fọ eyín lẹ́bàá gọ́tà gbọ́, ó sì ní láti kọ́kọ́ tutọ́ kí ó tó lè dáhùn. Ọkùnrin tó wá gbé bátìrì tẹlifíṣọ̀n Alájà lọ síbi tí wọ́n ti ń ṣáàjì rẹ̀ gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀mejì, nítorí pé Ìbíwùnmí sìn ín dé títì, ó ní kó jọ̀ọ́, kó jẹ́ kí iná rẹ̀ kún dáadáa, kó má lọ jẹ́ pé ìgbà tí aṣọ òun bá yọjú ni àwòrán yóò súnkì.

"Ìyá Tòún, ṣé aṣọ yín nìkan ni wọ́n fẹ́ fi hàn ni, àbí èèyàn á wà nínú ẹ̀?" Fàósátù ló bi í bẹ́ẹ̀. Kẹrosíìnì ló ń tà níwájú ilé, ẹnu rẹ̀ kì í sì í sinmi.

"Jọkẹ́ ló wà nínú ẹ̀. Jọkẹ́ wa yìí."

"Jọkẹ́ tó jẹ́ pé ìlẹ̀kùn ló máa ń ṣí fún àlejò látọjọ́ tí wọ́n ti mú un sínú eré?"

"Ìyẹn ti kọjá. Òun gan-an ló leré tòní."

Ojúlé Kejìdínlógún ni orúkọ eré náà. Gbogbo Sátidé ni wọ́n máa ń gbé e jáde, bí àkókò rẹ̀ bá sì ti tó, ẹsẹ̀ á dín lójú títì. Ọ̀rọ̀ ilé ayálégbé kan ni wọ́n fi ń ṣe é: ta ló da omi ìdọ̀tí síwájú yàrá ta, ọkọ ta ni kò wálé, ọmọ ta ló yọ ẹja nínú ọbẹ̀. Àwọn ará Ìfọ̀ fẹ́ràn rẹ̀ torí ilé tiwọn gan-an ló jọ, àfi pé ìjà inú tẹlifíṣọ̀n máa ń parí láàárín ààbọ̀ wákàtí. Jọkẹ́, tó háyà yàrá ẹ̀yìn lọ́dọ̀ Alájà, wà lára àwọn òṣèré rẹ̀. Wọn kì í fún wọn níwèé kọ́ sórí. Olóòtú á kàn kó wọn jọ, á sọ ìtàn ọjọ́ náà fún wọn, oníkálukú á wá fi ọ̀rọ̀ ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́ níwájú kámẹ́rà. Oníkálukú náà ló sì ń gbé aṣọ tó máa wọ̀ wá láti ilé. Ìdí nìyẹn tí Jọkẹ́ fi wá kúnlẹ̀ fún Ìbíwùnmí ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn pé wọ́n fẹ́ fi òun ṣe ìyàwó ilé, òun ò sì ní ju gáùn lọ.

Aládìrẹ ni Ìbíwùnmí. Kò fún un ní aṣọ tó fẹ́ tà, èyí tó yà fún ara rẹ̀ ló fà yọ nínú àpótí, tó fi ìyẹ́ adìẹ àti ẹ̀kọ láfún yà fún odindi ọ̀sẹ̀ kan: pẹ́pẹ́yẹ kan ń lọ níwájú, àwọn ọmọ rẹ̀ mẹ́fà tò tẹ̀lé e. Àwọn aládìrẹ yòókù ń ya ẹyẹ, wọ́n ń ya àlàngbá, ṣùgbọ́n kò sí ẹlòmíràn tó ń ya pẹ́pẹ́yẹ yẹn láti Ìfọ̀ títí dé Owódé Ẹ̀gbá. Àwọn oníbàárà kì í bèèrè ẹni tó ṣe é. Wọ́n bá ti rí pẹ́pẹ́yẹ, wọ́n ti mọ̀ pé ọwọ́ Ìyá Tòún ni.

Adépọ̀jù ọkọ rẹ̀ nìkan ni kò bá wọn yọ̀. Káfíńtà ni, Ìkirè ló ti wá, ó sì ti ń tiro láti ọdún tó kọjá tó ti jábọ́ látorí òrùlé ilé kan ní Àjùwọ̀n. Ó tiro wọ ilé ìdáná lọ́sàn-án, ó ṣí ìkòkò wò.

"Ìrẹsì Ọ̀fadà? Ta ló ń ṣe ìyàwó nínú ilé yìí?"

"Jọkẹ́ ń bọ̀ wá jẹun lọ́dọ̀ wa kí eré tó bẹ̀rẹ̀ ni."

"Nítorí aṣọ. Èmi ti rò pé ìwé ló dé látọ̀dọ̀ Tòún pé ó ṣe ipò kìíní." Ó dé ìkòkò padà. "Ọmọ ò kọ ìwé sí mi láti ìgbà Kérésì. Ṣé bí wọ́n ṣe ń kọ́ wọn l'Ékòó nìyẹn? Lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, màá wọ rélùwéè, màá lọ rí ilé-ẹ̀kọ́ náà fúnra mi."

"Ẹ jẹ́ kí ẹsẹ̀ yín san tán ná, Bàbá Tòún."

"Ẹsẹ̀ ti san tó. Ìwọ nìkan ni ò fẹ́ kó san."

Ìbíwùnmí bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ń fẹ́ iná tó ti ń jó geere tẹ́lẹ̀.

Kò sí ilé-ẹ̀kọ́ kankan. Tòún, ọmọ ọdún mẹ́wàá, wà nínú ilé olówó kan ní Ṣúrùlérè, ó ń gbálẹ̀, ó ń fọ ìdí ọmọ ọlọ́mọ, ó ń lọ aṣọ. Obìnrin kan láti Akútè ló mú un lọ nígbà tí bàbá rẹ̀ wà lórí ẹní tí kò lè dìde. Irú àwọn obìnrin bẹ́ẹ̀ pọ̀ nígbà náà. Kò sí ẹni tí yóò ránṣẹ́ pè wọ́n, ṣùgbọ́n bí ẹbí kan bá ti fo oúnjẹ fún ọjọ́ méjì, ẹ ó bá wọn lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á máa pe ọmọ yín ní arẹwà. Owó oṣù Tòún ni wọ́n ń jẹ, Ìbíwùnmí sì ní àdìrẹ lòun tà. Ó sọ fún ọkọ rẹ̀ pé ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n òun ni ọmọ wà, tó ń kàwé. Ohun tó sọ fún Alájà àti Fàósátù náà nìyẹn. Láyé ìjọ́sí, àwọn òbí ní torí pé kò sówó ilé-ìwé làwọn ṣe ń fi ọmọ ránṣẹ́. Ìjọba wá sọ ilé-ìwé di ọ̀fẹ́, ẹnikẹ́ni kò sì lọ mú ọmọ rẹ̀ padà wá. Ó ń bíni nínú láti sọ ọ́, bẹ́ẹ̀ ni gbogbo wa mọ̀ ọ́n.

Jọkẹ́ nìkan ni Ìbíwùnmí fi inú hàn. Obìnrin Akútè kò jẹ́ kí ìyá ọmọ mọ ilé tí wọ́n mú un lọ, ó ní ọmọ tí ìyá bá ń wá wò kì í jókòó ṣiṣẹ́. Jọkẹ́, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kì í wọ́n l'Ékòó, ló bá a wádìí ilé náà, òun ló sì ń bá a gbé gaàrí lọ tó ń gbé ìròyìn bọ̀. Lọ́jọ́ tó yá a láṣọ, Ìbíwùnmí tún kó ẹ̀wù kékeré kan lé e lọ́wọ́ fún Tòún. Òun ló fọwọ́ rán an. Aṣọ kò tó o, ló bá fi àjákù ṣe àpò rẹ̀ méjèèjì: ọ̀kan onílà, èkejì alámì tó-tò-tó.

Nígbà tí Jọkẹ́ padà dé lọ́jọ́ náà, ó ní, "Ara rẹ̀ le, Ẹ̀gbọ́n. Ẹ̀wù náà ṣe rẹ́gí. Ó ní kí n kí yín." Láti ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni Ìbíwùnmí ti ń fi ọ̀rọ̀ yẹn sùn, tó sì ń fi í jí.

Jọkẹ́ bá ọkọ̀ ojú irin ìrọ̀lẹ́ dé. Àwọn ará ilé hó yèè, wọ́n ń pè é ní ìyàwó ilé. Ìbíwùnmí bu ìrẹsì fún un lórí ewé, ó to ẹja lé e, ó jókòó tì í kó lè máa wò ó bó ṣe ń jẹun. Adépọ̀jù, tó ti ń ráhùn láti ọ̀sán, jẹ tirẹ̀ tán, ó tún ní kí wọ́n bù sí i. Ṣíbí mẹ́ta péré ni Jọkẹ́ jẹ.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ ká lọ sí yàrá mi," ó sọ ọ́ jẹ́ẹ́jẹ́. "Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ bá yín sọ kí eré tó bẹ̀rẹ̀."

"Ojú ló ń tì ẹ́! Èmi tí mo ti pe gbogbo àdúgbò? Bí eré bá parí, ká sọ ọ́ dọ̀la."

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́."

"Dìde, jàre, kí wọ́n tó gba àyè wa."

Pálọ̀ Alájà ti kún. Àwọn ọmọdé wà lórí ẹní níwájú, àwọn obìnrin wà lórí àpótí, àwọn ọkùnrin fara ti ògiri. Adépọ̀jù jókòó sórí bẹ́ǹṣì ẹnu ọ̀nà, ó na ẹsẹ̀ rẹ̀ tó ń dùn ún síwájú. Alájà fa Ìbíwùnmí jókòó sórí àga tìmùtìmù lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara rẹ̀, níbi tí ó jẹ́ pé àlejò pàtàkì nìkan ló ń jókòó sí. Jọkẹ́ dúró lẹ́yìn gbogbo wọn.

Orin eré dún, Jọkẹ́ inú tẹlifíṣọ̀n sì jáde. Pẹ́pẹ́yẹ àti àwọn ọmọ rẹ̀ tò yí i nídìí po, funfun lórí dúdú, wọ́n hàn kedere.

"Aṣọ Ìyá Tòún rèé o!"

"Ọwọ́ yín mà dára o, Ìyá Tòún," Alájà ní. "Ọlọ́run ò ní gba iṣẹ́ lọ́wọ́ yín."

Ìbíwùnmí ń rẹ́rìn-ín, ó ń fi gèlè nu ojú. Inú rẹ̀ kò dùn tó báyìí rí láti ọdún tí ọkọ rẹ̀ ti jábọ́.

Ọkọ inú eré wọlé. Ó ń tiro. Òṣèré náà ń ṣe é ní àṣejù, ó ń ju ìdí sọ́tùn-ún sósì, àwọn ọmọdé sì bú sẹ́rìn-ín. Fàósátù gan-an rẹ́rìn-ín títí ó fi di inú mú. Ẹ̀rín náà ń lọ lọ́wọ́ nígbà tí ọ̀kan nínú àwọn obìnrin bojú wẹ̀yìn wo Adépọ̀jù lẹ́nu ọ̀nà, ló bá yáa panu dé. Ẹ̀rín bẹ̀rẹ̀ sí í kú lọ́kọ̀ọ̀kan.

Obìnrin kan tún wọlé nínú eré, ó gbé báàgì dání, ó ń sọ̀rọ̀ dídùn, ó ń pe ọmọ ilé náà ní arẹwà. Jọkẹ́ inú tẹlifíṣọ̀n wo ọmọ, ó wo ìkòkò òfìfo, ó wá fi ọwọ́ bojú. "Ẹ mú un lọ. Ṣùgbọ́n bàbá ẹ̀ ò gbọdọ̀ mọ̀. Ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi l'Ékòó ló wà, ó ń kàwé. Ó wúwo lẹ́nu mi láti sọ, àmọ́ mo ń bẹ Ọlọ́run kí ẹsẹ̀ ẹ̀ má tètè san."

Ẹ̀rín kú lẹ́nu Ìbíwùnmí. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni. Kì í ṣe irú rẹ̀, òun gan-an ni, bó ṣe ti ẹnu rẹ̀ jáde lọ́sàn-án ọjọ́ kan lẹ́bàá ìkòkò aró, tó ń sunkún, tí Jọkẹ́ dì í mú tó sì ń bá a sunkún. Ó ti rò pé ilẹ̀ ti mu ọ̀rọ̀ náà. Ó ti yá a láṣọ, èyí tí gbogbo Ìfọ̀ mọ̀ mọ́ ọn, ó ti pe èèyàn jọ, ó sì ti jókòó sórí àga tìmùtìmù láti gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kejì.

Alájà na ọwọ́ sí tẹlifíṣọ̀n. "Ṣé ká kúkú pa á ni?"

"Ẹ jẹ́ kó máa lọ, Alájà," Adépọ̀jù dáhùn lẹ́nu ọ̀nà. Ohùn rẹ̀ kò ròkè. "Mo fẹ́ rí i dé òpin."

Kò sí ẹni tó tún wo tẹlifíṣọ̀n tán. Wọ́n ń wo tẹlifíṣọ̀n, wọ́n ń wo Ìbíwùnmí, wọ́n ń wo ilẹ̀. Obìnrin kan wà níbẹ̀ tí ọmọ tirẹ̀ wà ní Mushin, òun ló tètè wo ilẹ̀ jù.

Eré ti wá dé Èkó báyìí. Ọmọ náà dúró nídìí tábìlì, ó ń lọ aṣọ. Ìyá ilé wọlé, ó pariwo pé ó ti jó síìlíkì òun, ó já ayọ́ọ̀nù gbà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì tẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn lápá. Gbogbo pálọ̀ mí kanlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Àmọ́ Ìbíwùnmí kò wo apá. Ẹ̀wù ọmọ náà ló ń wò. Àpò kan jẹ́ onílà. Èkejì jẹ́ alámì tó-tò-tó.

Láti ìgbà yẹn lọ, kò gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ mọ́. Ìtìjú tó bò ó láti ìgbà díẹ̀ sẹ́yìn kúrò lára rẹ̀ pátápátá, kò tilẹ̀ rántí pé èèyàn ń wo òun. Bí ẹ̀wù bá wà lọ́rùn ọmọ eléré, kí ni Tòún wọ̀? Ṣebí Jọkẹ́ ní ó ṣe rẹ́gí? Ó rí i tí ọmọ inú eré ṣílẹ̀kùn lọ́wọ́ àárọ̀ tó sì sá lọ. Ó rí i tí ìyá ń wá a káàkiri, tó ń di ọwọ́ àwọn awakọ̀ mú. Níkẹyìn, ìyá bá ọmọ lábẹ́ àtíbàbà kan nínú garéèjì, ó ká gúlútú. Wọ́n so mọ́ra wọn, pẹ́pẹ́yẹ àti àwọn ọmọ rẹ̀ bo àwọn méjèèjì, orin sì gba ẹnu wọn. Alájà ń sunkún. Ẹnì kan pàtẹ́wọ́, ni gbogbo pálọ̀ bá gbà á, wọ́n pàtẹ́wọ́ gan-an, bí ẹni tí wọ́n sọ ẹrù kalẹ̀ fún.

Adépọ̀jù dìde, ó tiro jáde sẹ́yìnkùlé. Ìbíwùnmí tẹ̀lé e.

"Ilé-ẹ̀kọ́ wo ni Tòún ń lọ?" ó bi í.

"Bàbá Tòún, ẹ wà lórí ẹní, ebi..."

"Ilé-ẹ̀kọ́ ni mo bèèrè."

Ìbíwùnmí kúnlẹ̀ sílẹ̀ láàárín àwọn ìkòkò aró.

"Mo jẹ ìrẹsì ìrọ̀lẹ́ yìí tán, mo tún ní kí o bù sí i," ni Adépọ̀jù wí. "Gbogbo àkókò yìí ni mo ti ń jẹ òógùn ọmọ mi, mo sì ń dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ. Mo ń kí ẹ kú iṣẹ́. Ìwọ sì ń bẹ Ọlọ́run kí n má dìde." Ó yíjú sí ògiri.

Ìbíwùnmí ìbá bẹ̀ ẹ́ títí ilẹ̀ yóò fi mọ́, ṣùgbọ́n ó gbọ́ ẹsẹ̀ Jọkẹ́ lẹ́yìn rẹ̀. Ó dìde, ó gbá a lọ́rùn aṣọ mú.

"Ẹ̀wù Tòún ló wà lọ́rùn ọmọ yẹn."

"Ẹ̀gbọ́n, mi ò bá a nílé." Jọkẹ́ ti bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. "Wọ́n ní láti ọjọ́ Wẹ́sidé ló ti jáde, wọn ò rí i mọ́. Ó ti pé ọjọ́ mẹ́ta nígbà tí mo gbé ẹ̀wù náà dé."

"O ní ó ṣe rẹ́gí."

"Ẹ̀gbọ́n..."

"O ní ó ní kí o kí mi!"

"Ibẹ̀ ni mo ti lọ síbi eré, ẹkún ni mo gbé wọlé. Olóòtú bi mí, mo sọ ọ́ fún un. Ó ní òun ti rí ohun tá a máa ṣe lọ́jọ́ náà, pé kí n má tíì nu ojú. Ọmọ tó máa ṣe ọmọ nínú eré ò mú aṣọ wá, ni wọ́n bá gba ẹ̀wù lọ́wọ́ mi. Mo rò pé wọ́n á ti rí Tòún kí n tó padà délé. Mo débí, ẹ ń rẹ́rìn-ín, ẹ ń bi mí bóyá aṣọ yín gbé mi yọ. Mi ò lè sọ ọ́. Bí ọjọ́ ṣe ń lọ, ó tún ń le sí i. Mo ti lọ wá a lẹ́ẹ̀mejì, Ẹ̀gbọ́n, mo fi Ọlọ́run búra."

"Ayọ́ọ̀nù yẹn ńkọ́?"

"Òótọ́ ni. Mo rí àpá náà lóṣù tó kọjá. Tòún ló ní kí n má sọ, pé ẹ ó sunkún."

Adépọ̀jù ti kúrò lára ògiri. Ó ń wo àwọn méjèèjì, ẹnu rẹ̀ ṣí sílẹ̀ díẹ̀.

Ọwọ́ Ìbíwùnmí dẹ̀ lọ́rùn Jọkẹ́. Ó ṣírò ó lọ́kàn, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta àti ọjọ́ mẹ́ta. Ọjọ́ mẹ́rìnlélógún tó fi ń ya aṣọ, tó ń pa aró, tó ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá pàdé pé kí wọ́n má gbàgbé Sátidé. Ṣùgbọ́n nǹkan kan ṣì wà tí ó dì mú. Ó tún aṣọ ọrùn Jọkẹ́ ṣe, ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ́ ẹ, ohùn rẹ̀ sì rọ̀ lójijì, torí ó ti múra tán láti dárí gbogbo rẹ̀ jì í.

"Ó dáa, kò burú. Ṣebí ẹ rí i ṣáá. Mi ò bínú mọ́. Garéèjì wo ni? Ṣé Ìdúmọ̀tà ni? Ọ̀dọ̀ ta ni ẹ fi í sí?"

Jọkẹ́ wolẹ̀.

"Wọn ò tíì rí i, Ẹ̀gbọ́n. Olóòtú ló ní ká fi ibẹ̀ yẹn parí ẹ̀. Ó ní bí bẹ́ẹ̀ kọ́, àwọn tó ń wòran ò ní lè sùn."

Ohùn Alájà gba ojú fèrèsé pálọ̀ jáde, ó dùn, ó ṣì ní omijé nínú.

"Ìyá Tòún! Ẹ máa bọ̀ nínú ilé jàre, gbogbo wa ò bá yín jà. Ẹ ṣáà dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Wọ́n kúkú ti rí ọmọ náà!"